A Kì Í Fi Ọmọ Ẹni Fún Ẹkùn Pa Jẹ

Ọ̀rọ̀ tí àlùfáà kan, olùkọ́ ní kọ́lẹ́jì tí a ti ń kọ́ àwọn olùkọ́, sọ níwájú ìpàdé Ẹgbẹ́ ní Igbó-Ọrà

 

Nígbà tí Akọ̀wé Ẹgbẹ́ kọ̀wé sí mi pé kí n wá sọ̀rọ̀ lórí títọ́ ọmọ ní ayé òde òní, mo mọ ohun tí ó ń retí. Ó ń retí pé kí n sọ̀rọ̀ lórí ìkíni, lórí ìdọ̀bálẹ̀ àti ìkúnlẹ̀, lórí èdè wa tí àwọn ọmọ wa kò gbọ́ dáadáa mọ́. Ọ̀rọ̀ rere ni gbogbo ìwọ̀nyí, mo sì ti sọ wọ́n ní ibi púpọ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan wà nípa títọ́ ọmọ tí ó ti wà ní inú mi láti ohun tí ó lé ní ogún ọdún, bí mo bá sì dúró níwájú yín lónìí tí mo sọ òmíràn tí mo fi èyí sílẹ̀, ẹ̀tàn ni mo ṣe fún yín. Ọ̀rọ̀ náà ni ti àwọn ọmọ tí ẹgbẹ́ wọn ń fòòró ní ilé-ẹ̀kọ́ àti ní ìgboro, tí a ń lù, tí a ń fi ṣẹ̀sín, nítorí pé a rí i, tàbí a rò ó, pé ọkàn ọmọkùnrin náà ń fà sí ọkùnrin, tàbí pé ọkàn ọmọbìnrin náà ń fà sí obìnrin. Ó sì tún jẹ́ ọ̀rọ̀ òbí tí ó dìde láti gba irú ọmọ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀.

Mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ yìí wúwo létí. Mo bẹ̀ yín, ẹ gbọ́ mi tán kí ẹ tó dá mi lẹ́bi.

Ní àkókò tí mo ń sọ yìí, mo jẹ́ olùkọ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ girama kan tí àwọn ọmọ ń gbé inú rẹ̀. N kò ní dárúkọ rẹ̀, nítorí pé ẹ̀bi tí mo fẹ́ jẹ́wọ́, ẹ̀bi tèmi ni. Èmi ni a fi ṣe alábòójútó ilé kan nínú àwọn ilé tí àwọn ọmọkùnrin ń sùn. Ọmọ kan wà níbẹ̀, ọmọ ọdún 14. Ọmọ jẹ́jẹ́ ni, ohùn rẹ̀ tinrín, ó wà nínú ẹgbẹ́ akọrin, ó sì mọ ìṣirò ju ọ̀pọ̀ nínú ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Ní ọjọ́ kan, àwọn ọmọ yòókù rí ìwé kan tí ó kọ sí ọmọkùnrin mìíràn. Èmi kò rí ìwé náà. Wọ́n ní ọ̀rọ̀ ìfẹ́ ni. Láti ọjọ́ náà ni ayé ti yí padà fún un. Wọ́n sọ ọ́ ní orúkọ tí n kò lè pè níwájú Kábíyèsí. Wọ́n da omi sí ibùsùn rẹ̀, wọ́n gbé oúnjẹ rẹ̀ lọ, kò sì sí ẹni tí ó gbà láti jókòó tì í. Ní òru, nígbà tí a bá ti pa iná, wọn a fi aṣọ bò ó lórí, wọn a sì fi bẹ́líìtì nà án. Mo gbọ́ ariwo náà, nítorí pé yàrá mi kò jìnnà. Mo sọ nínú ara mi pé eré ọmọkùnrin ni wọ́n ń ṣe.

Nígbà tí ọmọ náà wá fi ẹjọ́ sùn mí, mo bi í léèrè bóyá òótọ́ ni ọ̀rọ̀ ìwé náà. Ó dákẹ́. Mo fún un ní pàṣán mẹ́fà, mo sì sọ fún un pé kí ó lọ máa ṣe bí ọkùnrin. Àwọn tí ó ń nà án ní òru wà ní ẹnu ọ̀nà, wọ́n ń wò wá. Ẹ̀yin àgbà, ẹ mọ ohun tí wọ́n kọ́ lọ́dọ̀ mi ní ọjọ́ náà. Wọ́n kọ́ ọ pé Tíṣà fi ọwọ́ sí i. Yorùbá ní ẹni tí ó gbé epo ní àjà kò jalè tó ẹni tí ó gbà á sílẹ̀. Èmi ni mo gbà á sílẹ̀.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, ìyá ọmọ náà dé. Ọmọ ilẹ̀ Ìbàràpá yìí ni, elélùbọ́ ni, ó sì dé pẹ̀lú eruku ọ̀nà lára aṣọ rẹ̀. Ó wọ yàrá àwọn olùkọ́, ó kúnlẹ̀, ó kí wa bí ó ti yẹ, ó sì dìde. Ó ní: “Ẹ̀yin Tíṣà, n kò wá bi yín léèrè irú ọmọ tí ọmọ mi jẹ́. Èmi ni mo bí i, mo mọ̀ ọ́n. Ohun tí mo wá bi yín ni pé, ta ni ó sọ fún àwọn ọmọ yín pé ọmọ mi kò ní ìyá?” Ẹnìkan nínú wa rẹ́rìn-ín. Kò sí ẹni tí ó dá a lóhùn. Ó tún padà wá ní ẹ̀ẹ̀mejì: lẹ́ẹ̀kan sí ọ̀dọ̀ ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́, lẹ́ẹ̀kan sí ìpàdé àwọn òbí àti olùkọ́, níbi tí ó ti dìde láàrin àwọn baba tí ó wọ agbádá, tí ó na ẹ̀wù ọmọ rẹ̀ sókè, tí gbogbo wa sì rí ojú ẹ̀jẹ̀ lára rẹ̀. A ní kí ó jókòó. Nígbà tí sáà parí, ó mú ọmọ rẹ̀ lọ.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka Bíbélì mọ ìtàn Rispa, obìnrin tí ó tẹ́ aṣọ ọ̀fọ̀ sórí àpáta, tí ó jókòó ti òkú àwọn ọmọ rẹ̀, tí kò jẹ́ kí ẹyẹ bà lé wọn ní ọ̀sán tàbí kí ẹranko fi ọwọ́ kàn wọ́n ní òru, títí ọ̀rọ̀ rẹ̀ fi dé etí Dáfídì ọba. Ìyá yìí ju Rispa lọ ní ohun kan: ó dìde nígbà tí ọmọ rẹ̀ ṣì wà láàyè.

Mo rò nígbà náà pé òun nìkan ni irú rẹ̀ ní ayé. Àìmọ̀ ni. Ní ìlú New York ní Amẹ́ríkà, obìnrin kan wà tí a ń pè ní Jeanne Manford. Olùkọ́ àwọn ọmọ kéékèèké ni, gẹ́gẹ́ bí ọ̀pọ̀ nínú wa ti jẹ́. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin, Morty, jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn tí ọkàn wọn ń fà sí ọkùnrin, kò sì fi pamọ́. Ní April 1972, nígbà tí Morty àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ pín ìwé ìfẹ̀hónúhàn níbi àpèjẹ àwọn ènìyàn ńlá kan, wọ́n lù ú ní àlùbolẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ọlọ́pàá wà níbẹ̀ tí wọn kò sì gbà á sílẹ̀. Ìyá náà kò sá pamọ́ fún ìtìjú. Ó kọ̀wé sí ìwé ìròyìn New York Post, ó sọ ọ́ ní gbangba pé òun ní irú ọmọ bẹ́ẹ̀ àti pé òun fẹ́ràn rẹ̀, ó sì bi àwọn aláṣẹ léèrè ìdí tí wọ́n fi dúró wòran. Ní June ọdún náà, ó bá ọmọ rẹ̀ rìn ní títì pẹ̀lú àkọlé lọ́wọ́, tí ó ń pe àwọn òbí pé kí wọ́n parapọ̀ dúró ti àwọn ọmọ wọn. Àwọn ọ̀dọ́ sáré jáde láti inú èrò, wọ́n dì mọ́ ọn, wọ́n sunkún, wọ́n sì bẹ̀ ẹ́ pé kí ó bá wọn bá òbí tiwọn sọ̀rọ̀.

Ní March 1973, òun àti ọkọ rẹ̀ pe ìpàdé àwọn òbí àkọ́kọ́, nínú ilé ìjọsìn Mẹ́tọ́díìsì kan ní ìlú náà. Bí ogún ènìyàn ni ó wá. Láti inú ìpàdé kékeré yẹn ni ẹgbẹ́ tí a mọ̀ lónìí sí PFLAG ti jáde, tí ẹ̀ka rẹ̀ ní Amẹ́ríkà ti ju 300 lọ. Jeanne Manford kú ní January 2013, ní ọmọ ọdún 92. Ní oṣù tí ó tẹ̀lé e, Ààrẹ Obama fi àmì-ẹ̀yẹ dá a lọ́lá. Ṣùgbọ́n ẹ kíyèsí ohun tí ó jẹ́ ìbẹ̀rẹ̀ gbogbo rẹ̀: ìyá kan tí inú bí nítorí pé a lu ọmọ rẹ̀.

Ẹlòmíràn lè wí pé òyìnbó ni ìyẹn. Ó dára. Ẹ jẹ́ kí n mú ọ̀rọ̀ wá sí ọ̀dọ̀ ẹni tí orúkọ rẹ̀ fi hàn pé tiwa ni. Justin Fashanu ni a ń pè é. A bí i ní London ní 1961. Agbẹjọ́rò ọmọ Nàìjíríà ni baba rẹ̀, nọ́ọ̀sì ọmọ Guyana sì ni ìyá rẹ̀. Nígbà tí ilé tú, a kó òun àti àbúrò rẹ̀ John lọ sí ilé àwọn ọmọ tí kò ní alágbàtọ́, lẹ́yìn náà ni àwọn òyìnbó kan gbà wọ́n tọ́ ní Norfolk. Ọmọ náà mọ bọ́ọ̀lù gbá. Ní 1980, ó gbá góòlù kan wọ ilé Liverpool tí àwọn òyìnbó kò gbàgbé títí di òní. Ní 1981, Nottingham Forest san mílíọ̀nù kan pọ́n-ùn lórí rẹ̀. Òun ni ó kọ́kọ́ di agbábọ́ọ̀lù aláwọ̀ dúdú tí a rà ní irú iye bẹ́ẹ̀ ní Bìrìtìkó.

Ṣùgbọ́n ọ̀gá tí ó ń darí ẹgbẹ́ náà gbọ́ ibi tí ọ̀dọ́mọkùnrin yìí ń lọ ní alẹ́. Ó pè é, ó bú u ní èébú tí òun fúnra rẹ̀ tún kọ sínú ìwé lẹ́yìn náà. Ó lé e kúrò nínú ìdárayá ẹgbẹ́, ọlọ́pàá ni ó sì sìn ín jáde kúrò ní pápá. Láti ìgbà náà ni ọmọ náà ti di alárìnká láti ẹgbẹ́ dé ẹgbẹ́. Ní October 1990, ó sọ ọ́ fún gbogbo ayé pé ọkàn òun ń fà sí ọkùnrin. Kò sí agbábọ́ọ̀lù àgbà kankan ní ilẹ̀ náà tí ó tíì sọ bẹ́ẹ̀ rí. Èrò ní pápá ń kọrin èébú sí i. Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, John àbúrò rẹ̀, tí òun náà jẹ́ agbábọ́ọ̀lù ńlá, kọ̀ ọ́ sílẹ̀ ní gbangba nínú ìwé ìròyìn. Ní May 1998, Justin fi ọwọ́ ara rẹ̀ pa ara rẹ̀ ní London. Ọmọ ọdún 37 ni.

N kò fẹ́ fi ìtàn náà dùn ju bí ó ti rí lọ. Ní ọdún tí ó kú, ẹ̀sùn ńlá kan wà lórí rẹ̀ ní Amẹ́ríkà láti ẹnu ọ̀dọ́mọkùnrin kan, ẹ̀sùn tí ilé-ẹjọ́ kò gbọ́ títí ó fi kú. Ẹnikẹ́ni tí a bá fi ẹ̀sùn kàn gbọ́dọ̀ jẹ́jọ́, ẹni tí a bá sì ṣẹ̀ gbọ́dọ̀ rí ìdájọ́ òdodo. Ní ti èyí, kò sí ìyàtọ̀ láàrin ẹnìkan àti ẹnìkejì. Ohun tí mo ń wí ni pé nígbà tí ilẹ̀ mì, ọkùnrin náà kò ní ilé tí ó lè sá sí. John ti sọ ọ́ ní gbangba láti ìgbà náà pé òun kábàámọ̀. Ọmọbìnrin John, Amal, ni ó dìde lẹ́yìn: ó ṣe fíìmù kan fún BBC ní 2012 lórí ọ̀rọ̀ yìí, ní 2019 ó sì dá àjọ kan sílẹ̀ ní orúkọ arákùnrin baba rẹ̀, tí ó ń gbógun ti ìfòòró irú èyí nínú eré bọ́ọ̀lù. Inú mi dùn sí ọmọbìnrin náà. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a má tan ara wa jẹ. Òkú ni ó ń gbèjà. Àwọn tí ó yẹ kí ó gbèjà alààyè dákẹ́.

Ǹjẹ́ ní ilé wa ńkọ́? Ní January 2014, Ààrẹ Jonathan fi ọwọ́ sí òfin tí ó ka ìgbéyàwó láàrin ọkùnrin àti ọkùnrin, tàbí obìnrin àti obìnrin, léèwọ̀, tí ó sì fi ẹ̀wọ̀n ọdún 14 lé e lórí. Kò pé oṣù méjì lẹ́yìn rẹ̀ tí àwọn jàǹdùkú já wọ ilé àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin ní Gishiri ní Àbújá, tí wọ́n wọ́ wọn jáde, tí wọ́n sì lù wọ́n. Ní February 2017, ìròyìn jáde pé wọ́n lu ọkùnrin kan pa ní ìlú Oǹdó, ní ilẹ̀ Yorùbá wa níhìn-ín, lórí ẹ̀sùn yìí kan náà. Ohun kan sì tún wà tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní kito: wọn a fi ọ̀rọ̀ dídùn tan ọ̀dọ́mọkùnrin lórí fóònù, wọn a ní kí ó wá sí ilé kan, bí ó bá dé ibẹ̀, àwọn mẹ́rin tàbí márùn-ún a jáde sí i, wọn a bọ́ ọ sí ìhòhò, wọn a ya àwòrán rẹ̀, wọn a sì gba gbogbo owó ọwọ́ rẹ̀, wọn a tún ní kí ó máa san owó lọ kí wọ́n má baà fi àwòrán náà ránṣẹ́ sí baba rẹ̀. Kò lè lọ sí ọ̀dọ̀ ọlọ́pàá, nítorí ẹ̀rù òfin ń bà á. Kò lè lọ sí ọ̀dọ̀ baba rẹ̀, nítorí ẹ̀rù baba rẹ̀ ń bà á ju ti òfin lọ. Ibẹ̀ gan-an ni olè náà ti rí agbára.

N kò wá síhìn-ín láti tú òfin ìjọba palẹ̀; àwọn aṣòfin wà fún ìyẹn. N kò sì wá láti wàásù lòdì sí ẹ̀kọ́ ìjọ tí mo ń sìn, èyí tí gbogbo yín mọ̀. Ṣùgbọ́n mo ti ka òfin náà láti òkè dé ilẹ̀, kò sì sí ibi kan nínú rẹ̀ tí ó ní kí ẹnikẹ́ni lu ọmọ aládùúgbò rẹ̀. Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti 2003, tí Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ wa náà ti gbà wọlé, sọ ọ́ ketekete pé a kò gbọ́dọ̀ fi ìyà jẹ ọmọ kankan ní ara tàbí ní ọkàn. Ọmọ kankan ni ó wí. Kò yọ ẹnìkan sílẹ̀.

Mo ti gbọ́ àwíjàre mẹ́ta, ó sì yẹ kí n dáhùn wọn.

Àwọn kan wí pé àrùn ni, pé bí a kò bá nà án jáde, yóò ràn mọ́ àwọn ọmọ yòókù. Àwọn oníṣègùn Amẹ́ríkà tí ó ń tọ́jú ọpọlọ ti yọ ọ́ kúrò nínú ìwé àrùn wọn ní 1973, Àjọ Ìlera Àgbáyé sì yọ ọ́ kúrò nínú tirẹ̀ ní 1990. Ṣùgbọ́n bí ó tilẹ̀ jẹ́ àrùn, èwo nínú àwọn àrùn ayé ni a ti fi bẹ́líìtì wò sàn rí? Ohun tí ó ń ràn ní ilé-ẹ̀kọ́, tí mo fi ojú ara mi rí, ni ìkà. UNESCO gbé e jáde ní 2019 pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ọmọ kan nínú mẹ́ta ní gbogbo àgbáyé tí ẹgbẹ́ rẹ̀ ń fòòró ní ilé-ẹ̀kọ́. Ọmọ tí ó bá ti kọ́ láti lu ẹnìkan nítorí ohùn rẹ̀ tinrín, lọ́la yóò lu òmíràn nítorí pé ó ń kólòlò, ní ọ̀túnla yóò lu aya rẹ̀.

Àwọn kejì wí pé àṣà òyìnbó ni, kò sí ní ilẹ̀ wa rí. Àwa ọmọ Ẹgbẹ́ tí a ń ṣàyẹ̀wò ohun tí ó jẹ́ tiwa àti ohun tí a kó wọlé gbọ́dọ̀ ṣọ́ra níhìn-ín. Èdè wa ní ọ̀rọ̀ àtijọ́ fún un. Ọ̀rọ̀ èébú ni, lóòótọ́, ṣùgbọ́n a kì í bú ohun tí kò sí. Ní ti òfin tí ó ń fi ẹni bẹ́ẹ̀ sí ẹ̀wọ̀n, ọwọ́ ìjọba òyìnbó ni a ti gbà á: láti inú ìwé òfin tí a ṣe fún Queensland ní Australia ní 1899 ni wọ́n ti mú un, wọ́n fi lélẹ̀ ní Àríwá ní 1904, wọ́n sì nà án dé gbogbo Nàìjíríà ní 1916. Ní 1967, òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì yí irú òfin yẹn padà ní ilé tirẹ̀. Ta ni nínú wa ni yóò wá wí pé ìkà yìí ni àṣà baba wa?

Àwọn kẹta wí pé ìtìjú ni fún ìdílé. Àwọn yìí ni mo káàánú jù, nítorí òbí ni wọ́n. Ṣùgbọ́n kí ni baba wa wí? Wọ́n ní ọmọ ẹni kì í ṣe ìdí bẹ̀bẹ̀rẹ̀ kí a fi ìlẹ̀kẹ̀ sí ìdí ọmọ ẹlòmíràn. Wọ́n ní bí a bá fi ọwọ́ òsì na ọmọ, a ó fi ọwọ́ ọ̀tún fà á mọ́ra. Wọ́n sì ní bí ọmọ ẹni burú títí, a kì í fi fún ẹkùn pa jẹ. N kò wí pé ọmọ tí mo ń sọ yìí burú. Mo wí pé òwe náà kò tilẹ̀ bèèrè. Kò ní kí a kọ́kọ́ wádìí ìwà ọmọ kí a tó lé ẹkùn.

Bí a bá ń wá ẹ̀rí nínú ìtàn tiwa, kò jìnnà sí ibi tí a jókòó sí. Àwọn àgbà sọ fún wa pé nígbà láéláé, èèmọ̀ ni Yorùbá ka ìbejì sí. Wọ́n ń bẹ̀rù wọn, wọ́n sì ń gbé wọn sọnù. Ìyá tí ó bá bí méjì ní ọjọ́ kan, ìtìjú ni fún un. Lónìí ńkọ́? Ìlú Igbó-Ọrà yìí ni a mọ̀ kárí ayé sí olú-ìlú ìbejì. Àwọn oníṣègùn tí ó ṣe ìwádìí ní apá ìhín láàrin 1972 àti 1982 rí i pé nínú ìbímọ 1,000, bíi 45 sí 50 ni ó jẹ́ ti ìbejì, iye tí a kò lè rí ní Yúróòpù. Láti 2018 ni a ti ń ṣe ọdún ìbejì níhìn-ín tí àlejò ń ti ọ̀nà jíjìn wá wò ó. Kò sí ìdílé kan nínú gbọ̀ngàn yìí tí kò ní Táíwò àti Kẹ́hìndé. Ẹ jẹ́ kí n bi yín: nígbà tí a fi ojú èèmọ̀ wò wọ́n àti nísinsìnyí tí a ń jó fún wọn, kí ni ó yí padà lára ìbejì? Kò sí. Ojú tiwa ni ó yí padà. Ó sì gbọ́dọ̀ jẹ́ pé, ní ibì kan, ní ọjọ́ kan, ìyá kan kọ́kọ́ kọ̀ láti jọ̀wọ́ méjì rẹ̀.

Ní ti ẹ̀sìn, èmi àlùfáà kò lè fi í sílẹ̀ láìfọwọ́kàn. Bíṣọ́ọ̀bù àgbà Desmond Tutu ti Gúúsù Áfríkà, tí kò bẹ̀rù ìjọba apartheid, wí ní gbangba ní 2013 pé òun kò ní sin Ọlọ́run tí ó bá kórìíra irú àwọn ènìyàn yìí. Lẹ́yìn náà ni ọ̀rọ̀ wọ inú ilé tirẹ̀: ọmọbìnrin rẹ̀ Mpho, tí òun náà jẹ́ àlùfáà, bá obìnrin gbéyàwó ní 2015, ó sì di dandan fún un ní 2016 láti dá ìwé-àṣẹ iṣẹ́ àlùfáà rẹ̀ padà. Baba náà súre fún ọmọ rẹ̀. Ẹni tí kò bá gba ohun tí Tutu gbà lè wà nínú gbọ̀ngàn yìí. Ó pọ̀, mo mọ̀. N kò bẹ̀ yín pé kí ẹ gba gbogbo rẹ̀ lónìí. Ṣùgbọ́n gbogbo àwa Kristẹni mọ ìtàn obìnrin tí wọ́n fà wá síwájú Olúwa pẹ̀lú òkúta lọ́wọ́. Olúwa kò kọ́kọ́ tú ẹjọ́ obìnrin náà. Ohun àkọ́kọ́ tí Ó ṣe ni pé Ó mú kí òkúta já bọ́ lọ́wọ́ wọn. Ẹ̀yin ará wa Mùsùlùmí, ẹ̀yin náà ń pe orúkọ Ọlọ́run Aláàánú kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀ ohunkóhun.

Nítorí náà, ohun mẹ́rin ni mo fẹ́ kí Ẹgbẹ́ yìí ṣe.

Èkíní, kí olùkọ́ kankan ní Ìbàràpá má ṣe bèèrè ohun tí ọmọ jẹ́ nígbà tí ó bá wá fi ẹjọ́ ìyà sùn. Kí ó bèèrè ẹni tí ó nà án. Kí ilé-ẹ̀kọ́ kọ ọ́ sínú òfin rẹ̀ pé ìfòòró jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀, láìka ìdí tí a bá sọ sí, kí àgbà kan sì máa yí ká ní àwọn ilé ìsùn ní òru.

Èkejì, kí àwa oníwàásù dẹ́kun fífi àwọn ọmọ yìí ṣe àwàdà lórí àga ìwàásù. Ẹ̀rín ìjọ ní ọjọ́ Ìsinmi ni ó ń di bẹ́líìtì ní alẹ́ ọjọ́ Ajé.

Ẹ̀kẹta, ẹ̀yin Kábíyèsí àti ẹ̀yin ìjòyè, bí ariwo bá sọ ní àdúgbò pé a ti mú ẹnìkan, tí èrò sì ń pé jọ, ẹ jẹ́ kí ọ̀rọ̀ yín ṣáájú igi àti táyà débẹ̀. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́.

Ẹ̀kẹrin, ẹ̀yin òbí, bí ọmọ yín bá ti sọ òótọ́ inú rẹ̀ fún yín, ẹ má ṣe lé e jáde ní alẹ́ ọjọ́ náà. Bí ẹ kò bá mọ ohun tí ẹ lè sọ, ẹ fún un ní oúnjẹ, kí ẹ sì jẹ́ kí ó sùn nínú ilé. Ìkookò tí ó wà ní ìta kò ní bi í léèrè ohun tí ẹ̀kọ́ ìjọ wí.

Ẹ jẹ́ kí n parí pẹ̀lú ìyá elélùbọ́ náà. Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, mo pàdé rẹ̀ ní ọjà Tọ́wọ́bọwọ́ ní ìlú yìí. Ó ti darúgbó díẹ̀, ṣùgbọ́n mo dá a mọ̀ kí ó tó dá mi mọ̀. Mo dọ̀bálẹ̀ fún un láàrin ọjà, pẹ̀lú kọ́là àlùfáà lọ́rùn mi. Ó ní kí n dìde, kí n má ba aṣọ mi jẹ́. Mo ní: “Ìyá, mo ṣẹ̀ yín.” Ó wò mí fún ìgbà díẹ̀. Kò ní òun ti dárí jì mí, n kò sì bi í léèrè nípa ọmọ rẹ̀, nítorí pé n kò ní ẹnu tí mo lè fi bèèrè. Ó kàn ní: “Tíṣà, ẹ ṣì ń kọ́ àwọn ọmọ?” Mo ní rárá, pé àwọn tí yóò máa kọ́ ọmọ ni mo ń kọ́ nísinsìnyí. Ó wọn èlùbọ́ fún ẹni tí ó wá ra ọjà, ó gba owó rẹ̀, ó sì yíjú sí mi. “Ẹ kọ́ wọn dáadáa,” ni ó wí.

Iṣẹ́ tí ó rán mi nìyẹn, òun ni mo sì wá jẹ́ fún yín lónìí. Kí Olódùmarè jẹ́ kí ọmọ gbogbo wa rí ẹni gbèjà wọn.